Ohun Tí Màámi Sọ Sínú Fóònù Tí Mo Fi Sílẹ̀

Ẹ má sọ fún mi pé kí n jókòó. Tómi ọmọọmọ mi, mo rí ọ, o tún ń na ọwọ́ sí àga. "Nonna, siediti." Mi ò jókòó. Wọ́n ní ohun tí àgbà rí lórí ìjókòó, ọmọdé kò lè rí i bó gun orí igi. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n lónìí, ìdúró ni èmi àgbà yìí fẹ́ fi rí tèmi. Láti àárọ̀ ni mo ti ń lọ láti ojú fèrèsé dé ìdí iná, láti ìdí iná dé ẹnu ọ̀nà, ẹ̀wà tí mo gbé kaná sì ti jóná lẹ́ẹ̀kan. Ẹsẹ̀ kọ́ ló ń dùn mí. Ọkàn mi ni kò fẹ́ dúró sójú kan.

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ Tómi méjèèjì, ẹ kú ìjókòó. Bísọ́lá ni à ń retí, ó ń bọ̀ láti Padova. Ọmọ Yorùbá bíi tiwa ni, ibẹ̀ ni wọ́n bí i sí, Yorùbá ẹnu rẹ̀ sì dára ju ti Tómi yìí lọ. Ilé kan tí wọ́n ń kó fíìmù àtijọ́ pamọ́ sí ló ti ń ṣiṣẹ́. Àwọn téèpù tó ti fẹ́ẹ̀ bàjẹ́ ló ń gbà sínú kọ̀ǹpútà kí wọ́n tó kú pátápátá. Lọ́jọ́rú ló pè mí. Ó ní, "Màmá, ẹ kú ìrọ̀lẹ́. Mo ti rí téèpù ọjọ́ fóònù yẹn." Mo ní kó fi ránṣẹ́ sí mi lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Ó ní, "Màmá, mo ti gbọ́ ọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n gbé e wá fúnra mi ní Sátidé." Láti Ọjọ́rú yẹn ni mo ti ń bi ara mi pé kí ni ọmọ yìí gbọ́ tí kò lè fi ránṣẹ́. Ṣé èpè ni? Mi ò sùn dáadáa láti ìgbà náà.

Ẹ ò tíì mọ ohun tí mò ń sọ. Ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ bó bá ṣe ń wá sí mi lẹ́nu, nítorí orí mi kò tò lónìí.

Ẹ wo fóònù ọwọ́ yín yẹn. Tómi máa ń bá ìbátan rẹ̀ ní Ìbàdàn sọ̀rọ̀ lójúkojú, òun ń jẹ búrẹ́dì, ìyẹn ń di irun. Bó bá sú wọn, wọ́n á pa á, ó parí. Nígbà tiwa, a kì í fi búrẹ́dì há ẹnu pe ilé. Pípe ilé ní ọjọ́ tirẹ̀, ó ní wákàtí tirẹ̀. Ní Torino, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọjà Porta Palazzo, ṣọ́ọ̀bù kan wà tí a ń pè ní phone center. Yàrá kéékèèké wà lára ògiri rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ilẹ̀kùn gíláàsì àti nọ́ńbà lórí. Cabina ni wọ́n ń pè é. Cabina kan kò gbà ju èèyàn kan àti ẹkún rẹ̀ lọ.

Ariwo ibẹ̀ ni mo ṣì ń gbọ́ títí di òní. Ẹni tó wà ní cabina kìíní ń pariwo ní èdè Ẹ̀dó, ẹnìkejì ń bá ìyàwó rẹ̀ jà ní pidgin, ará Senegal kan ń rẹ́rìn-ín, ó ń fi àtẹ́lẹwọ́ lu gíláàsì. O máa fi ẹyọ owó ha ẹ̀yìn káàdì tí a fi ń pe ilé títí nọ́ńbà á fi yọ, o máa tẹ nọ́ńbà yẹn, o máa tẹ ti ilé, o sì máa gbàdúrà. O sọ̀rọ̀ tán, ohùn tìrẹ á kọ́kọ́ padà wá bá ọ, kí ti ará ilé tó dé. Obìnrin ará Abẹ́òkúta kan wà, ẹ̀gbọ́n mi ni, wọn kì í pe ilé láìwé gèlè. Mo ní, "Ẹ̀gbọ́n, ta ló fẹ́ rí yín?" Wọ́n ní bí àwọn kò bá múra, ohùn àwọn á wó lulẹ̀, ìyá àwọn á sì mọ̀ pé nǹkan ò dára. Mo fi wọ́n rẹ́rìn-ín nígbà náà. Mi ò mọ̀ pé etí ìyá ni wọ́n mọ̀ tó báyẹn.

Kò sí fóònù nílé tiwa ní Ìwó. Ilé Bàbá Tíṣà, ilé kẹta sí tiwa, ló wà. Ní gbogbo ọjọ́ Sọ́ńdè, bí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ bá lù ní Torino, Màámi á ti jókòó tì í lórí àpótí. Fóònù yẹn kì í dún lẹ́ẹ̀mejì kí wọ́n tó gbé e. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ rántí ìyẹn. Kì í dún lẹ́ẹ̀mejì.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ eré fíìmù tí mo ṣe lẹ ní ẹ fẹ́ gbọ́. Ó dáa. Padova ni mo kọ́kọ́ dé, mo wá kọ́ iṣẹ́ apoògùn ní yunifásítì. Ọmọ Vicenza kan tó ń jẹ́ Ruggero, tó máa ń gbé kámẹ́rà kiri bí ẹni pọn ọmọ, ló rí mi nínú bọ́ọ̀sì níbi tí mo ti ń bá ọkùnrin tó ń yẹ tíkẹ́ẹ̀tì wò jà. Tíkẹ́ẹ̀tì mi wà lọ́wọ́ mi, ọkùnrin náà ní kò dára, mo ní ojú rẹ̀ ni kò dára. Nígbà tí mo bọ́ sílẹ̀, Ruggero sáré tẹ̀lé mi. Ó ní ìbínú mi dùn ún wò, ṣé mo lè tún bínú bẹ́ẹ̀ níwájú kámẹ́rà? Bí mo ṣe di òṣèré nìyẹn. Ẹwà ni àwọn mìíràn fi wọ iṣẹ́ yìí, ìjà ni èmi fi wọ̀ ọ́.

Fíìmù tiwa kì í ṣe ti ilé-iṣẹ́ ńlá. Ruggero ló ń kọ ọ́, òun ló ń ya á, òun náà ló ń wa ọkọ̀ tó ń gbé wa. Aṣọ mi ni aṣọ eré. Yàrá mi á jẹ́ ilé ìwòsàn láàárọ̀, á di àgọ́ ọlọ́pàá lọ́sàn-án. Ferragosto ni ọdún tiwa, àárín oṣù kẹjọ yẹn, tí gbogbo ará ìlú á ti lọ sétí òkun, tí títì á ṣófo, tí a ó lè ya ohun tó bá wù wá láìsí ẹni tó máa yọ orí wò wá. Síbẹ̀, bí Ruggero bá ti ní "silenzio", pé ká dákẹ́, agogo ṣọ́ọ̀ṣì á dún, tram á kọjá, ajá á gbó. Ẹ̀yin ń fi ìka kan pa ariwo rẹ́ nínú fóònù. Àwa ń bẹ ajá ni. Mo ti fi ẹran bẹ ajá kan ní Vicenza rí, ó sì tẹ̀lé wa títí dé ìdí ọkọ̀, a kò lè ya nǹkankan mọ́ lọ́jọ́ yẹn.

Nígbà tí mo ṣe tán ní yunifásítì, mo ríṣẹ́ sí farmacia kan, ilé oògùn, ní Moncalieri níbí, lẹ́bàá Torino. Ní àgbàlá ṣọ́ọ̀ṣì tó wà lẹ́yìn ilé yìí, a máa ń ta aṣọ bẹ́ẹ̀dì funfun sára ògiri nígbà ooru, a ó fi fíìmù wa han àwọn ará àdúgbò, ẹ̀fọn á máa fi wá jẹun. Ìyá arúgbó kan wo èyí tí mo ti fi májèlé pa ọkọ mi. Ní Mọ́ńdè, ó wọ farmacia, ó wo ojú mi, ó ní òun ò gba oògùn lọ́wọ́ obìnrin yìí, kí wọ́n pe ẹlòmíràn. Inú bí mi, inú mi sì tún dùn. Láti ọjọ́ tí mo ti ń ṣeré, kò sí ẹni tó tíì yìn mí tó bẹ́ẹ̀.

Gbòǹgbò ọ̀rọ̀ náà nìyí. Apoògùn ni mo jẹ́ láti Mọ́ńdè dé Sátidé. Ìsinmi ọdọọdún, tí wọ́n ń pè ní ferie níbí, òun nìkan ni àkókò tí mo ní fún fíìmù gígùn. Àwọn ẹgbẹ́ mi á fi ferie lọ sílé, lọ wo ìyá wọn. Èmi á fi tèmi ṣeré. N óò ní ọdún tó ń bọ̀ ni mo máa lọ. Ọdún tó ń bọ̀ á dé, Ruggero á tún ti kọ fíìmù mìíràn. Báyẹn ni ọdún mẹ́sàn-án ṣe kọjá tí Màámi kò rí ojú mi. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo sọ fún wọn pé mò ń ṣeré. Wọ́n wá ní, "Ó dáa. Ṣé ò ń jẹun?" Wọn kò tún bi mí nípa eré mọ́ láé. Mo mọ ẹni tó bí mi. Ohun tí Màámi kò bá fẹ́, wọn kì í bá a jà. Wọn kì í dárúkọ rẹ̀ mọ́ ni.

Tómi, bá mi wo ibi tí ọkọ̀ ojú irin Bísọ́lá dé. Ó ti pẹ́ ní ogún ìṣẹ́jú? Hẹ̀n. Ọkọ̀ ojú irin ò mọ ọjọ́ tí àyà èèyàn ń já. Jẹ́ kí n dúró sójú fèrèsé níbí, n óò rí i bó bá yọ ní kọ̀rọ̀.

Lira la ṣì ń ná ní ọdún tí mò ń wí yìí. Nínú fíìmù tí a ń yà nígbà náà, mo jẹ́ obìnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń ṣe awọ lẹ́bàá Vicenza. Wọ́n lé e lẹ́nu iṣẹ́, ó wá lọ pe ìyá rẹ̀ lórí fóònù pé gbogbo rẹ̀ ti sú òun, òun ń bọ̀ nílé. A ya ti awọ, òórùn rẹ̀ kò kúrò lára mi fún ọ̀sẹ̀ méjì. Ó wá ku ti fóònù. Phone center Porta Palazzo la ti yà á, lọ́jọ́ Sọ́ńdè kan. Onílé ibẹ̀ yọ̀ǹda cabina tó wà ní ìkángun fún wa.

Fóònù tí wọ́n ti yọ wáyà rẹ̀ ni Ruggero ní kí n gbé sétí. Mo gbé e, mo sọ̀rọ̀, kò dára. A tún un ṣe lẹ́ẹ̀mẹ́rin, kò dára. Ruggero ń họ orí. Mo ní, "Ruggero, mi ò lè bá òkú igi sọ̀rọ̀. Nílé wa, bí ẹnìkan bá ń sọ̀rọ̀, ẹnìkejì á máa ní hẹ̀n-ẹn, hẹ̀n-ẹn. Kò sí hẹ̀n-ẹn nínú nǹkan yìí." Mo gbójú sókè wo aago ara ògiri. Aago mẹ́rin ti fẹ́ lù. Mo mọ ẹni tó jókòó sórí àpótí nílé Bàbá Tíṣà. Mo ní kí wọ́n so fóònù náà padà, mo mú káàdì tèmi jáde nínú àpò, mo ha á, mo tẹ nọ́ńbà.

Ẹ ń wò mí bí ẹni tí orí rẹ̀ dàrú. Ó dàrú lóòótọ́. Ohun tó wà lọ́kàn mi ni pé n óò ṣe eré náà, bí Ruggero bá ti ní ó tó, n óò sọ fún Màámi pé eré ni, a ó sì jọ rẹ́rìn-ín. Ọkùnrin tó ń gba ohùn sílẹ̀ fún wa ti lẹ máìkì kékeré kan mọ́ ara fóònù náà, kí ariwo ojú títì má bàa bo ọ̀rọ̀ mi. Ẹ fi ìyẹn náà sọ́kàn.

Fóònù dún lẹ́ẹ̀kan. Màámi ní, "Hẹ́lò?" Ohùn obìnrin inú eré ni mo fi dá wọn lóhùn. Mo ní, "Màámi, wọ́n ti lé mi lẹ́nu iṣẹ́. Ó ti sú mi. Mò ń bọ̀ nílé. Sátidé ni ọkọ̀ òfurufú mi máa balẹ̀ ní Èkó." Ohùn mi ń gbọ̀n, omi ń dà lójú mi. Màámi ní, "Kí ló dé? Kí lo ṣe fún wọn?" Ruggero ń sọ wúyẹ́wúyẹ́ sí mi láti ẹ̀yìn kámẹ́rà, ó ń fi ọwọ́ júwe: fi í sílẹ̀, jẹ́ kó máa rọ̀, jáde. Bó ṣe wà nínú ìwé eré nìyẹn. Mo fi fóònù sílẹ̀. Ó ń mì síwá mì sẹ́yìn lórí okùn rẹ̀, ohùn Màámi ń jáde nínú rẹ̀ bí ohùn ẹni tó wà nísàlẹ̀ kànga. Mi ò gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ. Mo ṣí ilẹ̀kùn, mo jáde.

Kámẹ́rà tẹ̀lé mi. Mo rìn dé ibi tí tram ń dúró sí, mo gbójú sókè, mo sunkún eré. Inú Ruggero dùn débi pé kò rántí sọ pé ó tó. Nígbà tí mo fi sáré padà dé inú cabina, pí, pí, pí ni fóònù ń ké. Káàdì ti tán. Àwọn àgbà ní ibi tí a bá pè lórí, a kì í fi í tẹlẹ̀. Èmi fi ìyá mi rọ̀ sórí okùn, mo lọ sunkún fún kámẹ́rà níta.

Kí ló dé tí mi ò ra káàdì mìíràn? Èmi náà ti bi ara mi. Ruggero ń fa ọwọ́ mi pé oòrùn ń wọ̀, ìran kan ṣì kù. Mo ní n óò pè lọ́la. Kí ilẹ̀ ọ̀la tó mọ́, a ti wà lójú ọ̀nà Saluzzo. Mo sọ fún ara mi pé Màámi á ti mọ̀ pé ọ̀rọ̀ náà kò rí bẹ́ẹ̀. Irọ́ ni mò ń pa fún ara mi, mo sì mọ̀ bẹ́ẹ̀ nínú ọkọ̀.

Saluzzo, ibi tí wọ́n ti ń ká èso nígbà ooru. Ní ọjọ́ kejì, mo wọ aṣọ ẹni tó ń ká èso, mo dá wọ inú oko lọ, mo bá àwọn ọmọ Mali níbi tí wọ́n ti ń ká pesca, mo bẹ̀rẹ̀ sí ká tèmi. Olóko jágbe mọ́ mi, mo jágbe mọ́ ọn padà. Mo rò pé Ruggero ló mú un wá, mo ní lọ́kàn mi pé òṣèré yìí mọ iṣẹ́. Títí di ọ̀sán ni mo fi ń gbé àpótí èso. Àṣé oko kejì ni kámẹ́rà wà, wọ́n ti ń wá mi láti àárọ̀. Mo ti fi ìdajì ọjọ́ ṣeré tí ẹnikẹ́ni kò yà. Àwọn ọmọ Mali yẹn rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi jókòó sílẹ̀, wọ́n bá mi pín búrẹ́dì wọn. Nígbà tí mo rí abẹ́ tapólì tí wọ́n ń sùn, ojú tì mí pé mo wọ aṣọ wọn ṣeré. Ìyẹn ọ̀rọ̀ ọjọ́ mìíràn. Ọkàn mi kò sí lóko. Ìwó ló wà. Fóònù alágbèéká kò tíì wọ́pọ̀, kò sì sí phone center nínú oko.

A padà sí Torino lọ́jọ́ Sọ́ńdè. Aago mẹ́rin, mo wà nínú cabina. Fóònù dún lẹ́ẹ̀kan. Ó dún lẹ́ẹ̀mejì. Bó ṣe dún lẹ́ẹ̀mejì yẹn, mo mọ̀ pé Màámi kò sí lórí àpótí. Ó dún títí kí Bàbá Tíṣà tó gbé e. Wọ́n ní, "Ṣé o ti dé láyọ̀? Màmá rẹ ti lọ pàdé rẹ ní Èkó láti àná."

Màámi tí kò kọjá Ìbàdàn rí. Wọ́n wọ aṣọ òkè, wọ́n wọ ọkọ̀ láti Ìwó, wọ́n dúró níbi tí èrò ń gbà jáde ní pápákọ̀ òfurufú láti àárọ̀ Sátidé títí di ọ̀sán Sọ́ńdè, wọ́n ń wo ojú gbogbo obìnrin tó bá jáde. Ọmọ ìlú wa kan ló rí wọn níbẹ̀, tó sì fi wọ́n sọ́kọ̀ padà. Ẹsẹ̀ wọn wú fún ọ̀sẹ̀ kan.

Sọ́ńdè tó tẹ̀lé e, mo kúnlẹ̀ pè wọ́n. Cabina ò gba ìkúnlẹ̀, orúnkún mi kan wà níta, ilẹ̀kùn gíláàsì ń gbá mi lẹ́sẹ̀. Fóònù dún lẹ́ẹ̀kan. Mo ní, "Màámi, ẹ dárí jì mí, eré ni mò ń ṣe." Wọ́n ní, "Mo ti dé. Ara mi le." Mo ní, "Màámi, kí lẹ ń sọ lọ́jọ́ yẹn, lẹ́yìn tí mo fi fóònù sílẹ̀?" Wọ́n ní, "Ẹni tó fi fóònù sílẹ̀, kó lọ bi fóònù." Wọ́n bá bi mí bóyá mo ti jẹun.

Mo lọ sílé ní Kérésì ọdún yẹn. Wọ́n sè fún mi, wọ́n di irun mi fúnra wọn. Mo tún bi wọ́n. Wọ́n ní, "Tẹ orí rẹ síhìn-ín." Láti ìgbà náà, Ìwó ni gbogbo ferie mi ń lọ. Ruggero kọ fíìmù kan fún mi, èmi ni mo máa jẹ́ olórí eré. Mo kọ̀. Ẹlòmíràn ṣe é, wọ́n sì gbé obìnrin náà káàkiri ìlú. Ọkùnrin kan láti Milano pè mí lẹ́ẹ̀mejì, mo kọ̀. Mo wá ń ṣe ipa kéékèèké lọ́jọ́ Sọ́ńdè: obìnrin tó ń gbálẹ̀, obìnrin tó ń kọjá lọ, nọ́ọ̀sì tí kò ní ọ̀rọ̀ kankan lẹ́nu. Mo ní bí Màámi kò bá fẹ́ eré, mi ò ní fi eré pa wọ́n. Ọdún keje lẹ́yìn náà ni wọ́n jáde láyé, wọn kò sì sọ ohun tí wọ́n wí sínú fóònù fún mi. Ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún yín. Mo fẹ́ràn iṣẹ́ yẹn ju oògùn lọ, ọwọ́ ara mi ni mo sì fi pa á. Ó ń dùn mí.

Tómi ní, "Ma nonna, il film c'è." Bẹ́ẹ̀ ni, fíìmù yẹn wà, o sì ti wò ó. Ohùn ta lo gbọ́ níbẹ̀? Àṣà ilẹ̀ yìí ni pé ẹni tó bá sọ èdè mìíràn nínú fíìmù, wọ́n á yọ ohùn rẹ̀, wọ́n á fi ti ẹlòmíràn sí i ní èdè wọn. Obìnrin kan tí mi ò rí rí ló ń sọ̀rọ̀ láti ẹnu mi. Ohùn rẹ̀ dùn, kì í ṣe tèmi. Níbi tí fóònù ti ń mì lórí okùn, dùùrù ni wọ́n ń tẹ̀. Kò sí Màámi níbẹ̀ rárá. Mo dìde láàárín gbọ̀ngàn lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fi hàn, mo jáde. Mo bi Ruggero pé téèpù ohùn ọjọ́ yẹn ńkọ́. Ó ní ó wà nínú àpótí kan, níbì kan. Ruggero tí kò mọ ibi tí bàtà rẹ̀ wà. Ó kú lọ́dún tó kọjá, Ọlọ́run tẹ́ ẹ sí afẹ́fẹ́ rere. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin kó gbogbo àpótí rẹ̀ fún ibi tí Bísọ́lá ti ń ṣiṣẹ́. Èmi ni mo bẹ ọmọ náà pé kó bá mi wá a. Màámi kò ya fídíò rí, wọn kò gba ohùn sílẹ̀ sínú kásẹ́ẹ̀tì rí. Bí wọn kò bá sí nínú téèpù yẹn, wọn kò sí níbì kankan mọ́.

Ẹ dákẹ́. Aago ẹnu ọ̀nà nìyẹn. Tómi, lọ ṣí i. Rárá, èmi ni mo máa lọ. Rárá, ìwọ lọ.

Káàbọ̀, ọmọ mi, o kú ewu ọ̀nà. Dìde, ìkúnlẹ̀ ti tó. Sọ fún mi kí o tó bọ́ kóòtù: ṣé wọ́n ṣépè? Ó ń mi orí. Ó ní, "Màmá, ẹ gbọ́ ọ fúnra yín." Tómi, kó abọ́ yẹn kúrò lórí tábìlì. Ẹ pa fèrèsé dé. Ó yá.

Ariwo tram nìyẹn. Ẹ gbọ́, ohùn mi nìyẹn, bó ṣe kéré báyẹn, tó ń gbọ̀n. Mo dára o, mi ò lè parọ́. Gbàù yẹn, ibẹ̀ ni mo ti fi fóònù sílẹ̀. Ẹ sún mọ́ ọn.

"Hẹ́lò? Àwẹ̀ró? Àwẹ̀ró ọmọ mi, o ò dáhùn?"

Orúkọ mi nìyẹn. Kò sí ẹni tó mọ̀ ọ́n nílẹ̀ yìí, ẹ̀yin náà kò mọ̀ ọ́n. Ẹ jẹ́ kó máa lọ.

"Bàbá Tíṣà, kò dáhùn o. Ẹ dúró ná. Mo gbọ́ òyìnbó kan tó ń sọ wúyẹ́wúyẹ́ níbẹ̀. Ẹn-ẹ́n. Àwẹ̀ró, ẹkún yẹn kì í ṣe ẹkún rẹ. Bí ìwọ bá ń sunkún, imú rẹ ló ń kọ́kọ́ dún, láti kékeré. Eré lò ń ṣe. Ìwọ ọmọ yìí."

Wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Ẹ gbọ́ ẹ̀rín Màámi.

"O fẹ́rẹ̀ẹ́ mú mi o. Àyà mi já. Ṣé báyìí lo ṣe ń ṣe é fún wọn lọ́hùn-ún? Ó dáa bẹ́ẹ̀. Máa ṣe é. Ohun tí èèyàn bá máa ṣe, kó ṣe é dáadáa. Ṣùgbọ́n n óò lọ ní Sátidé o. Bó bá wá jẹ́ òótọ́ ńkọ́? Kí ọmọ mi bọ́ sílẹ̀, kó má rí ojú kan tó mọ̀? Rárá. Bó bá jẹ́ eré, mo ti rí Èkó. Bó bá jẹ́ òótọ́, wàá bá mi níbẹ̀. Hẹ́lò? Àwẹ̀ró, ṣé ò ń gbọ́?"

Pí, pí, pí. Ó parí? Ìyẹn nìkan ló kù?

Máa ṣe é, wọ́n ní. Wọ́n ti sọ ọ́ kí n tó kọ Ruggero, kí n tó kọ ará Milano. Kó lọ bi fóònù, àwàdà ni wọ́n ń bá mi ṣe, etí ẹ̀bi ni mo fi gbọ́ ọ. Gbogbo ọdún yìí. Ẹ má wò mí báyẹn, ẹ jẹ́ kí n sunkún. Bísọ́lá, ṣé o gbọ́ ọ? Ṣé imú mi ló kọ́kọ́ dún?

Tómi, gbé àga yẹn wá. Mo fẹ́ jókòó. Bísọ́lá, dá téèpù náà padà sí ibi tí mo ti fi fóònù sílẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí mi ò ní jáde.